Ẹni tí Ó Ń Wò

Nestan kì í bá ìmọ́lẹ̀ jà.
Ní Chiatura, níbi tí eruku máńgáníìsì ti sọ ewé igi di dúdú,
ó jókòó sórí àpótí kámẹ́rà láti aago márùn-ún ìdájí,
ó ń retí oòrùn bí ẹni ń retí ajigbèsè:
ó mọ̀ pé yóò yọjú, ó mọ̀ pé kò ní jókòó.

Èmi ni mo ń gbé iná fún un, ọdún kẹsàn-án rèé.
Mo mọ ohùn rẹ̀ nígbà tí owó bá tán.
Kì í pariwo. Á ní, "Gocha, pa ìyẹn.
Fèrèsé ti tó wa."

Lẹ́ǹsì kan ṣoṣo ló jẹ́ tirẹ̀,
ogún àbúrò bàbá rẹ̀, etí rẹ̀ ti sán díẹ̀.
Yíyá ni ìyókù. Ọkọ̀ tí a fi ń kó ẹrù, yíyá.
Bàtà òtútù ẹsẹ̀ mi, ti àna mi ni.

Oṣù mẹ́ta lọ́dún ló fi ń ya sinimá;
oṣù tó kù, ìyàwó ni, ìyàwó ni,
ìyàwó tó ń sunkún, ìyàwó tí bàtà ń ta lẹ́sẹ̀,
àti ìpolówó yúgọ́ọ̀tì kan ní Tbilisi
tí wọ́n ní kó tan iná sí títí funfun rẹ̀ yóò fi máa gún ni lójú.
Ó tàn án. Ó san owó ilé oṣù méjì.

Ọjọ́ tí a ya arúgbó inú ọkọ̀ orí okùn,
iná ìlú lọ, a há sáàárín òkè méjì,
odò nísàlẹ̀, olùdarí ń pe Ọlọ́run.
Ojú lọ̀rọ̀ wà, ni olùdarí yìí máa ń wí.
Lọ́jọ́ náà ọwọ́ lọ̀rọ̀ wà:
ọwọ́ arúgbó ń wá ohun tí yóò dì mú.
Nestan yí kámẹ́rà sí i, ó mí sínú, kò mí jáde.
Ìṣẹ́jú mẹ́rin.
Ìṣẹ́jú mẹ́rin yẹn ni wọ́n ṣì ń sọ títí dòní.

Wọ́n fi sinimá náà hàn nílùú òkèèrè, wọ́n pàtẹ́wọ́,
wọ́n pe olùdarí, ó gun orí ìtàgé.
Nígbà tí orúkọ Nestan ń gòkè lójú aṣọ funfun,
àwọn ènìyàn ti ń wá apá kóòtù wọn.

Nílé, ìyá rẹ̀ wò ó láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin,
ó yọ awò ojú rẹ̀, ó nù ún.
"Ó dára. Ṣùgbọ́n ìwọ dà? Mi ò rí ọ níbẹ̀."

Nestan bu tíì sí ife.
"Màmá, ibi tí ẹ ti ń wò ó yẹn,
ibẹ̀ ni mo wà."

Ìyá bojú wẹ̀yìn.