Àwọn Tí Kò Léegun Ẹ̀yìn

Ọdún kẹrìndínlógún rèé tí mo ń nu ìgò
ní yàrá ẹranko, Yunifásítì, ọ̀nà Àgbòwó.
Inú ọtí líle ni wọ́n rì wọ́n sí:
akàn Ẹlẹ́yẹlé tó káwọ́ bí ẹni ń bẹ̀bẹ̀,
eṣúṣú, edé,
ọ̀kùn tó ká bí òṣùká.

Ìbídùn, akẹ́kọ̀ọ́ tó ń da gúgúrú sórí ìwé,
ló fi ìdílé wọn hàn mí.
“Ẹ ka ẹsẹ̀, Bàbá Ráàjí.
Mẹ́fà ni ti tata, mẹ́fà ni ti ikán.
Mẹ́jọ ni ti aláǹtakùn; ìbátan rẹ̀ ni àkeekèé.”
Irọ́!
Mo kà á. Mẹ́jọ ni.
Ekòló lórùka lára, aràn inú ò ní:
wọn kì í ṣọmọ ìyá.
Ìgbín ńkọ́?
Ikùn ìgbín náà lẹsẹ̀ ẹ̀.

Ó ní àwa eléegun ẹ̀yìn ò tó nǹkan láyé.
Mo bẹ̀rẹ̀ gbé garawa, ẹ̀yìn mi dún kẹ́kẹ́.
Mo wo ekòló. Ó tẹ̀ kọrọdọ nínú ìgò, kò ráhùn.

Òjò dá lálẹ́. Ikán abìyẹ́ ya bo gílóòbù,
wọn ò ka orúkọ tí a lẹ̀ mọ́ ìgò.
Mo paná, kí wọ́n lè rílé lọ.