Ayékòótọ́ Aune

Ní Tampere, yìnyín bo fèrèsé dé ìdajì.
Aune tẹ́ ìwé ìròyìn àná sábẹ́ àgò ẹyẹ,
ojú ewé tí wọ́n ti ń kéde òkú.
Ó ti kà á tán; ó ku kí ẹyẹ kọ tirẹ̀ sí i.

"Kò sí nǹkan," ni ayékòótọ́ wí.
Ohùn Kalervo ni, ohùn ọkọ rẹ̀ gan-an,
tòun ti ikọ́ kékeré tó máa ń tẹ̀lé e.
Ọdún mẹ́ta ni Kalervo fi ń wí bẹ́ẹ̀,
tó ń fọwọ́ ti ìbàdí, tó ń dìde lóru,
kò sí nǹkan, kò sí nǹkan,
títí kíndìnrín méjèèjì fi dákẹ́ mọ́ ọn nínú.

Nítorí náà Aune kò gba ẹnu gbọ́ mọ́.
Ìdí ẹyẹ ló ń wò.

Ó wọ awò, ó bẹ̀rẹ̀ sórí bébà
bí ẹni tí abẹ́rẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀:
èyí tó dúdú bí ewé, tó yẹ kó ṣù;
èyí tó funfun bí ẹfun;
àti omi, tó yẹ kó kàn ta sí i lára.
Ojú ọ̀nà kan ni gbogbo rẹ̀ ń bá jáde.

Lónìí, omi ti rin òkú mẹ́ta gbindin.
Ẹ̀jẹ̀ tó kéré bí orí abẹ́rẹ́ wà létí ẹfun.
Ẹyẹ wú ìyẹ́, ìrù rẹ̀ ń mì bó ti ń mí,
abọ́ omi rẹ̀ sì ti gbẹ kí ilẹ̀ tó mọ́.
"Kò sí nǹkan."
"Irọ́ ni," ni Aune wí. Ó ń wá bàtà.

Dókítà Inkeri ní ó tètè dé.
Kí ló ń jẹ?
Ojú ti Aune. Súìtì dúdú oníyọ̀,
ẹyọ kan lálẹ́, bí Kalervo ti máa ń fún un.
Ta ni yóò pa àṣà olóògbé?
Dókítà kò bínú. Ó ní
iyọ̀ kò mọ̀ pé ìfẹ́ ló gbé òun wọlé.

Kárọ́ọ̀tì ló kù lálẹ́ báyìí, àti ewé tútù.
Omi gbígbóná ló fi ń fọ abọ́,
láàárọ̀, nírọ̀lẹ́, kí ó má yọ̀.

Lọ́dọ̀ tiwa, orúkọ ẹyẹ yìí ni pé ayé kọ òótọ́.
Ní Tampere, obìnrin kan ń tẹ́ bébà dè é.

"Kò sí nǹkan."
Ó bẹ̀rẹ̀, ó wò ó. Ó tún un wò.
Ẹ̀yìn náà ló tó dá ọkọ rẹ̀ lóhùn.