Ọ̀gá-Ta ní Ojú Irin

Ní Jàpáànù lọ́hùn-ún, Ogata ni wọ́n sọ ọ́.
Bàbá mi gbọ́ orúkọ náà bí ẹni gbọ́ èdè Ọ̀fà:
Ọ̀gá-ta, ó ní, ọ̀gá tó ń tani nípàá
tí géńdé fi ń fò sókè bí tata.

Ní alẹ́ Sátidé, lẹ́yìn ìrun Iṣái,
a ó so tẹlifíṣọ̀n mọ́ bátìrì mọ́tò,
ọmọ àdúgbò á kún orí ẹní dé ẹnu ọ̀nà.
Ọ̀gá-ta á gun okùn, á na apá bí àwòdì.
Bàbá á na ẹsẹ̀ ọ̀tún, èyí tí kì í ká mọ́
látọjọ́ tí ọkùnrin Ìjàgbò kan gbé e ṣánlẹ̀.
"Ìjàkadì lorò Ọ̀fà," á wí,
"ta ló wá gbé e dé Jàpáànù?"

Lánàá, mo tún rí i nínú fóònù mi.
Kò sí okùn, kò sí ariwo.
Wọ́n gbé kóòtù tó ti ṣá lọ́rùn wọ̀ ọ́,
ó jókòó sórí bẹ́ńṣì ní téṣàn rélùwéè,
ó ń dúró de ọmọbìnrin kan tí kò ní wá.
Wọ́n ní ó ti fi ìjà sílẹ̀, fíìmù ló ń ṣe.

Mo gbé e lọ bá Bàbá ní ọ̀dẹ̀dẹ̀.
Ó dijú kan, ó lajú kejì.
"Kí ló mú un jókòó báyìí? Ta ló dá a?"
Kò sẹ́ni tó dá a, Bàbá. Eré ni.
"Ìgbà wo ni kì í ṣe eré?
Ṣé o rò pé n kò mọ̀ ni?
Ṣùgbọ́n ilẹ̀ tó ń bọ́ lù yẹn,
ilẹ̀ kì í báni ṣeré."

Rélùwéè tiwọn dé, ó kọjá, kò dúró.
Ọkùnrin tó ń gbé èèyàn bí erin jù sẹ́yìn
kò rí nǹkan kan ṣe
ju kó máa fi àtàǹpàkò pa bọ́tìnnì kóòtù rẹ̀ lórí,
jẹ́jẹ́, bí orí ọmọ.

Mo wo ọwọ́ yẹn. Mo wo ọwọ́ Bàbá
lórí orúnkún tí kì í ká.
Ọdún tí mo wọkọ̀ ojú irin lọ Kàdúná láìdágbére,
kò sọ fún mi rí pé òun lọ sí téṣàn.
Màmá ló sọ ọ́, nígbà tó ń ṣa ìrẹsì:
bẹ́ńṣì abẹ́ igi dóńgóyárò,
ní gbogbo ọjọ́ tí ọkọ̀ bá ń bọ̀ láti Òkè Ọya,
ọdún mẹ́rin.
N kò bi í. Títí dòní, n kò tíì bi í.

"Ó gbìyànjú," ni Bàbá wí nígbà tó yá.
Ó da fóònù padà sí mi lọ́wọ́.
"Àmọ́ ẹni tó ń dúró de ọmọ
kì í fẹ̀yìn ti bẹ́ńṣì.
Etí rẹ̀ ló ń jókòó sí.
Bí o bá mọ ọ̀nà tí wọ́n fi ń kọ̀wé sí wọn,
bá mi sọ fún un."