Ó Ku Ọ̀kan Kó Pé Ogójì

Ní Kàbúù, níbi tí òkè ti yí ìlú ká bí àtẹ́lẹwọ́ tó di ife tíì mú,
Sakhidad ra ọkọ̀ Tòyótà ní ìdajì owó.
Ìpata ò sí lára rẹ̀, ẹ́ńjìnnì ń kùn bí ológbò tó yó.
Nọ́ńbà ìdí rẹ̀ nìkan ló ba ọjà jẹ́:
ẹ̀ta, ẹ̀sán.

Wọ́n ní ọkùnrin kan wà rí ní Hẹ́ráàtì
tó ń fi obìnrin ṣòwò,
nọ́ńbà yìí ló wà lára ọkọ̀ rẹ̀.
Àwọn mìíràn ní ara ilé rẹ̀ ni, kì í ṣe ọkọ̀.
Ta ló rí i? Kò sẹ́ni tó rí i.
Ọ̀rọ̀ tí kò ní bàbá ló máa ń bímọ jù.

Àwọn ọmọ ń súfèé tẹ̀lé e ní títì.
Ìyá àgbà kan wo ìdí ọkọ̀, ó fa ìbòrí bojú,
ó ní òun á kúkú fẹsẹ̀ rin òjò dídì náà délé.
Sakhidad fi ẹrẹ̀ pa ẹ̀ta, kó lè jọ ẹ̀jọ.
Òjò rọ̀, ó fọ irọ́ náà mọ́.

Lálẹ́, Zarmina da àjàrà gbígbẹ sórí aṣọ oúnjẹ.
Ọmọ ọdún mẹ́tàlá ni;
ọdún kan rèé tí àgádágodo ti wà lẹ́nu ọ̀nà ilé ìwé rẹ̀.
“Bàbá, ẹ wò ó. Mo kó ẹ̀ta.
Mo sọ ọ́ di ìlọ́po mẹ́ta, ó di mẹ́sàn-án.
Mo tún un ṣe, ó di mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n.
Ẹ kó ìyá, ọmọ àti ọmọ-ọmọ pọ̀. Mélòó?”
Bàbá kà á. Ó dákẹ́.

“Ẹ tún wo èyí: ẹ̀ta, àrún, èje, ọ̀kànlá, ẹ̀tàlá,
olóríkunkun márùn-ún tí kò gbà kí ẹnikẹ́ni pín àwọn,
wọ́n tò tẹ̀lé ara wọn láìfo ẹnì kan.
Ẹ rò wọ́n pọ̀: òun náà ni.
Ẹ wá fi èyí àkọ́kọ́ sọ èyí ìkẹyìn di púpọ̀:
òun náà ni!
Níbo ni ìtìjú wà níbẹ̀?”

Bàbá mú ẹyọ àjàrà kan, ó jù ú sẹ́nu.
“Ó ku méjìdínlógójì. Mo ti gbé ìtìjú náà mì.”

Síbẹ̀, nígbà tí akọ̀wé ìjọba bi í ní ọjọ́ orí rẹ̀,
ahọ́n rẹ̀ yà bàrá, bí gbogbo ahọ́n ìlú náà ti ń yà:
“Ó ku ọ̀kan kó pé ogójì.”

Ẹ̀rín pa èmi tí mò ń sọ ìtàn yìí.
Èdè ìyá mi ò mọ ọ̀nà Kàbúù,
kò bá ará Hẹ́ráàtì ṣọ̀tá,
àmọ́ kò ní orúkọ mìíràn fún iye yìí:
mọ́kàndínlógójì.
Ohun tí wọ́n fi ń sá fún un lọ́hùn-ún
ni àwa fi ń pè é jẹun.

Zarmina ò tíì sùn.
“Ọdún yìí nìkan, Bàbá,
ni ẹ jẹ́ ìlọ́po mẹ́ta mi gẹ́lẹ́.
Tó bá di ogójì, tí mo pé mẹ́rìnlá,
a ò ní bára mu bẹ́ẹ̀ mọ́ láéláé.”

Ní òwúrọ̀, Sakhidad pọn omi,
ó rọra nu ẹrẹ̀ kúrò lára ẹ̀ta,
ó nu ẹ̀sán,
ó wa ọkọ̀ gba àárín ìlú.