Ibi Tí A Dé

Ní Winnipeg, òtútù oṣù Ṣẹ́rẹ́ kì í kanlẹ̀kùn.
Ó ń gba abẹ́ ilẹ̀kùn wọlé bí ẹni tó ń san owó ilé.
Mo ń múra iṣẹ́ òru, mo ń wá ìbọ̀wọ́ mi kejì,
Irewọlédé jókòó sórí kápẹ́ẹ̀tì,
iná búlúù ń gun ojú rẹ̀ lọ, ó ń gun ojú rẹ̀ bọ̀.
Èmi ni mo ra tábúlẹ́ẹ̀tì yẹn. Ẹ má bi ẹlòmíì.
Mo rà á lọ́dún tí ó pé ọmọ ọdún méjì,
nígbà tí alágbàtọ́ ń gba ìdajì owó oṣù mi.
Ọmọ dákẹ́. Mo sùn. Mo dúpẹ́.

Tíṣà rẹ̀ pè mí.
Ó ní ó mọ ìwé kà o, ó ń kà á geere,
ṣùgbọ́n kó tó parí gbólóhùn, gbólóhùn ti dànù
bí omi tí a bù sínú ajere.
"Ta ló sọnù nínú ìtàn yìí?"
Ó wo fèrèsé.

Ni mo bá mú un lọ sílé ìkàwé lọ́jọ́ Sátidé.
Ó ṣí ìwé kan, ó rí àwòrán béárì,
ó fi ìka méjì lé e, ó ya ìka náà,
ó ń retí kí béárì tóbi sí i.
Béárì ò tóbi.
Ó tún un ṣe. Ó wò mí bí ẹni pé ìwé ti bàjẹ́.

Ìyá Desjarlais, tó ń tọ́jú ìwé àwọn ọmọdé,
rí wa, kò rẹ́rìn-ín.
Ó nawọ́ sí pápá tó wà lẹ́yìn ilé,
níbi tí ipa ẹsẹ̀ tóóró kan ti la yìnyín já dé ibùdókọ̀.
Ó ní, "A ò bí ọ̀nà yẹn mọ́ pápá.
Ẹsẹ̀ àwọn ará àdúgbò ló là á.
Bẹ́ẹ̀ ni ìwé kíkà ṣe rí nínú ọpọlọ ọmọ.
Bí wọn ò bá ń rìn ín, yìnyín á bò ó."
Mo fẹ́ bi í pé, àgbàlagbà ńkọ́?
Ọ̀nà tó ti là tẹ́lẹ̀ ńkọ́?
Mo gbé e mì.

Torí èmi náà, ẹ jẹ́ kí n jẹ́wọ́,
èmi tí mo fi àtùpà kàwé mọ́jú ní Ìgbájọ,
tí èéfín kẹrosíìnì dúdú sí ihò imú mi,
tí ìyá mi á pè lẹ́ẹ̀mẹta kí n tó gbọ́,
torí mo wà nílùú mìíràn, láàárín àwọn tí n kò rí rí,
èmi yìí, ìwé kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìrọ̀rí mi láti oṣù Ọ̀wàrà.
Ojú ewé kọkànlá.
Mo ti ka ojú ewé kọkànlá lẹ́ẹ̀mẹjọ.
Ojú mi ń ta lórí ìlà bí òkúta pẹlẹbẹ lórí omi,
kò rì. Kí n tó dé àmì ìdúró, ọwọ́ ti dé àpò.
Fóònù ò tilẹ̀ dún.

Lálẹ́ àná mo ri tábúlẹ́ẹ̀tì mọ́ inú garawa ìrẹsì.
Irewọlédé sunkún. Ó ní ara ń yún òun.
Ó tó wákàtí kan kó tó wá fara tì mí.
Ewé kìíní, ó ń yí kiri. Ewé kejì, ó béèrè omi.
Ní ewé kẹrin ó dákẹ́,
ìdákẹ́ tó yàtọ̀ sí ti iná búlúù.
"Mọ́mì, ṣé ẹ̀rù ló ń ba béárì, àbí ebi ló ń pa á?"
Kò sí lójú ìwé. Kò sẹ́ni tó kọ ọ́ síbẹ̀.
Òun fúnra rẹ̀ ló wọgbó lọ mú un wá.

Mo lanu láti dá a lóhùn.
Fóònù gbọ̀n.
Mo yọ ọ́, mo wò ó: ẹ̀dínwó bàtà.
Ìgbà tí mo máa gbójú sókè, n kò mọ ìṣẹ́jú mélòó ló ti lọ.
Irewọlédé ò bínú.
Ó tẹ ìka kan ṣoṣo mọ́ ìlà náà,
bí ẹni di ilẹ̀kùn mú fún ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn.
Ó ní, "Ibi tí a dé rèé."