Orí Ta Ni Mo Ń Wọ̀n?

A kò mọ̀ pé òfin pàjáwìrì ní ẹsẹ̀.
Inú rédíò la ti gbọ́ ọ,
a rò pé Ìbàdàn ni yóò jókòó sí, pé Ògbómọ̀ṣọ́ jìnnà.
Lálẹ́ ọjọ́ kejì ó kanlẹ̀kùn wa ní Ìsàlẹ̀ Afọ̀n,
ó wọ bàtà, ó gbé ìbọn.

Fìlà mẹ́rìndínlógún ni bàbá mi rán fún ẹgbẹ́ tí ìjọba ò fẹ́.
Kò sí nínú ẹgbẹ́. Télọ̀ ni.
Ó ní, "Orí ẹni tó bá gbáṣọ wá ni mo ń wọ̀n,
n kì í béèrè ohun tó wà nínú rẹ̀."
Ọlọ́pàá kọ ọ́ sílẹ̀.
Ó kọ nọ́ńbà ẹ̀rọ ìránṣọ náà sílẹ̀ pẹ̀lú,
wọ́n kó àwọn méjèèjì sẹ́yìn ọkọ̀ kan náà,
bàbá mi sì di ẹ̀rọ mú kó má baà ṣubú.

Ìyá mi tọ̀ wọ́n lẹ́yìn dé Tákì.
Kónílé-ó-gbélé ti bẹ̀rẹ̀.
Ìdájí ló padà, eruku lórí.
Kò sọ ibi tó sùn fún wa. Títí ó fi kú, kò sọ.

Oṣù mọ́kànlá.
A ta àgbàdo tí à bá fi gbìn.
Ìyá Adéòtí tó jẹ wá lówó bùbá méjì ń gba ẹ̀yìnkùlé kọjá;
ṣùgbọ́n lálaalẹ́ lẹnì kan ń gbé ẹ̀wà sẹ́nu ọ̀nà wa
nínú abọ́ tí etí rẹ̀ pupa.
Mo ti rí irú abọ́ náà nílé mẹ́ta láti ìgbà yẹn.
N kò béèrè.

Òjò àkọ́rọ̀ ló bá a wọlé. Òun nìkan. Ẹ̀rọ kò dé.
Á dúró ní ìloro, á máa wò wá
títí ẹnì kan yóò fi ní kó lọ tọ̀.
Bí àlejò bá kanlẹ̀kùn, á na ọrùn ọwọ́ méjèèjì síwájú
bí ọmọ tí ń dúró de omi ìfọwọ́.

Rédíò ní òfin ti kásẹ̀ nílẹ̀.
Ìyá mi wo ìka ẹsẹ̀ ọkọ rẹ̀ tí kò ní èékánná mọ́,
ó ní, "Ẹsẹ̀ ta?"

Ojú ẹsẹ̀ mẹ́rin ẹ̀rọ náà ṣì wà lórí símẹ́ǹtì.
A kò gbé nǹkan kan lé e.
Ibẹ̀ ló ń jókòó sí nírọ̀lẹ́, tó ń fẹsẹ̀ tẹ afẹ́fẹ́.
Mo ki òwú bọ abẹ́rẹ́, mo fi lé e lọ́wọ́,
mo gbé orí mi sún mọ́ ọn.
Ó fi ìka wọ̀n ọ́n yíká, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́.
Kò béèrè ohun tó wà nínú rẹ̀.