Àkàbà

Wọ́n ta aṣọ funfun mọ́ ara ilé òwú ní Gúsáù,
ọyẹ́ ń fẹ́ ẹ, ọkùnrin inú rẹ̀ ń gbọ̀n
kó tó ṣe ohunkóhun.
Jẹnẹrétọ̀ ń kùn lẹ́yìn mọ́tò májìgí.
Ẹnu ọkùnrin náà ń yà, ó ń padé,
bí ẹja inú korobá; a ò gbọ́ nǹkan kan.
Ó gbé àkàbà léjìká. Wọ́n pè é lẹ́yìn.
Ó yíjú: àkàbà gbá ọlọ́pàá létí.
Ó yí padà kó tọrọ àforíjì:
oníbúrẹ́dì ti nà gbalaja sínú ìyẹ̀fun ara rẹ̀.

Fíìmù ò lóhùn, àwa la yá a lóhùn.
Gbì! Gbàgà! Báláráábè ń ké "Wáyyò!",
àwa ọmọ Ọ̀fà ń ké "Yéè, orí ẹ̀ o!",
ìyàwó télọ̀ ará Ówéri rẹ́rìn-ín títí ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ fi jí.
Bàbá mi nìkan ló jókòó gan-an, káàkí Rélùwéè,
bọ́tìnì dé ọrùn.
Ó ní, "Orí mà ni ọkùnrin yẹn fi balẹ̀."

Òwúrọ̀ ọjọ́ kẹta, ó gbé àkàbà léjìká,
ó ń lọ nu gíláàsì iná sígínà.
Èmi ni mo pè é lẹ́yìn:
ó gbàgbé abọ́ oúnjẹ rẹ̀.
Ó yíjú. Àmù màmá mi fọ́ yángá.
Omi dé abẹ́ bàtà kó tó mọ̀,
fìlà lọ lọ́tọ̀, ẹsẹ̀ lọ lọ́tọ̀,
kò sì pariwo. Kò pariwo rárá.

Mo rẹ́rìn-ín.
Ẹ̀rín náà ti jáde kí n tó rí apá rẹ̀
bó ṣe tẹ̀ síbi tí apá kì í tẹ̀ sí.

Wọ́n dì í ní Túdùn Wádà. Kò rí bíi tàtijọ́.
Kò lè fa lífà ojú irin mọ́;
wọ́n ní kó máa ka àpò òwú.
Kò bi mí léèrè ẹ̀rín yẹn. Èmi náà ò sọ.

Ọyẹ́ tó tẹ̀lé e, mọ́tò padà wá,
aṣọ kan náà, ó ti lu níbi ojú ọ̀run.
Ọkùnrin náà gbé àkàbà jáde.
Mo wolẹ̀. Mo wo bàtà mi.
Ẹ̀rín kan sọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi
kí àkàbà tó yí rárá:
bàbá mi, èjìká rẹ̀ ń gbọ̀n, omi lójú,
ó fi apá wíwọ́ rẹ̀ gún mi níhà.
"Pè é," ló wí, "pè é lẹ́yìn,
ó ti gbàgbé oúnjẹ ẹ̀."